Àwọn Tí Ó Ń Jiyàn Eré Lórí Tẹlifíṣọ̀n Láàárọ̀

1. Iyàn lábẹ́ igi

Ẹ jẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ láti ilé wa.

Ní àárọ̀ ọjọ́ Ajé kan, aránṣọ kan jókòó níwájú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ lábẹ́ igi máńgòrò. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan dé, ó gbé alùpùpù rẹ̀ dúró. Iṣẹ́ zémíjàn ni ó ń ṣe. Wọ́n ti gbá bọ́ọ̀lù ní ọjọ́ Àìkú. Ọ̀rọ̀ bẹ̀rẹ̀.

"Ẹ káàárọ̀, ẹ̀gbọ́n. Ṣé ẹ rí bí wọ́n ṣe gbá a lánàá?"

"Mo rí i, àbúrò. Wọn kò mọ̀ ọ́n gbá mọ́."

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ má sọ bẹ́ẹ̀! Àwọn ni wọ́n mọ̀ ọ́n gbá jù ní gbogbo Áfíríkà."

"Ta ni ó sọ fún ọ?"

"Mo gbọ́ ọ lórí tẹlifíṣọ̀n."

Kí oòrùn tó mú, ènìyàn mẹ́wàá ti péjọ. Ohùn ti ga. Ẹni tí ó bá ń kọjá lọ yóò rò pé ìjà ni. Kì í ṣe ìjà. Iyàn ni. Iyàn yìí kò ná ẹnikẹ́ni ní séfà kan, kò sì mú séfà kan wọlé fún ẹnikẹ́ni.

Ṣùgbọ́n ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà, àwọn kan wà tí irú iyàn yìí jẹ́ iṣẹ́ òòjọ́ wọn. Ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ń san owó ńlá fún wọn kí wọ́n máa jiyàn láàárọ̀, láti ọjọ́ Ajé dé ọjọ́ Ẹtì. Nínú ẹ̀kọ́ yìí, a ó mọ bí wọ́n ti ń ṣe iṣẹ́ náà. A ó mọ ibi tí owó rẹ̀ ti ń wá. A ó sì kọ́ bí ẹni tí ó ń gbọ́ ṣe lè ya òótọ́ sọ́tọ̀ kúrò nínú ariwo.

2. Irú ètò wo ni?

Irú ètò bẹ́ẹ̀ pọ̀. Ọ̀kan ni a ó mú ṣe àpẹẹrẹ. Orúkọ rẹ̀ ni First Take. Ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n tí ó ń gbé e jáde ni ESPN. Eré ìdárayá ni iṣẹ́ ilé iṣẹ́ yìí.

Ètò náà bẹ̀rẹ̀ ní agogo 10 àárọ̀ ní ìlú New York, ó sì parí ní agogo 12 ọ̀sán. Bí agogo 10 àárọ̀ bá lù níbẹ̀, ọ̀sán ti lọ jìnnà lọ́dọ̀ wa. Ní Àjàṣẹ́, ní Kétu àti ní Ṣábẹ̀ẹ́, yóò jẹ́ agogo 3 tàbí agogo 4 ọ̀sán. Ní Tógò, yóò jẹ́ agogo 2 tàbí agogo 3. Ìdí rẹ̀ ni pé ọ̀dọ̀ wa ni oòrùn kọ́kọ́ ń yọ sí kí ó tó dé ọ̀dọ̀ wọn. Àwọn ará Amẹ́ríkà sì máa ń yí aago wọn padà lẹ́ẹ̀mejì lọ́dún. Ìyẹn ni ó fi jẹ́ wákàtí 5 nígbà kan, wákàtí 6 nígbà mìíràn, láàrin New York àti Àjàṣẹ́.

Nínú ètò yìí, ẹnikẹ́ni kì í gbá bọ́ọ̀lù. Ohun tí a ń rí ni tábìlì kan àti àga. Ènìyàn méjì tàbí mẹ́ta jókòó, wọ́n ń wo ara wọn. Ẹnìkan wà láàrin wọn tí ó ń béèrè ọ̀rọ̀. Ẹni yìí ni a ń pè ní olóòtú. Láti ọdún 2015 dé ọdún 2025, obìnrin kan tí ó ń jẹ́ Molly Qerim ni olóòtú ètò náà.

Olóòtú lè béèrè pé: "Nínú àwọn agbábọ́ọ̀lù méjì yìí, ta ni ó dára jù?" Ó sì lè béèrè pé: "Ṣé ó yẹ kí wọ́n lé olùkọ́ni ẹgbẹ́ yìí lọ?" Ẹnìkan yóò wí pé bẹ́ẹ̀ ni. Ẹnìkejì yóò wí pé rárá. Iyàn ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn.

Eré méjì ni wọ́n ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ jù. Èkínní ni bọ́ọ̀lù ti àwọn ará Amẹ́ríkà. Kì í ṣe irú bọ́ọ̀lù tiwa. Bọ́ọ̀lù wọn gùn bí ẹyin, ọwọ́ ni wọ́n fi ń gbé e sáré. Èkejì ni bọ́ọ̀lù tí a ń fi ọwọ́ jù sínú agbọ̀n. Ọjọ́ Àìkú ni wọ́n máa ń gbá púpọ̀ nínú bọ́ọ̀lù alápẹẹrẹ ẹyin náà. Nítorí náà, iyàn máa ń gbóná ní àárọ̀ ọjọ́ Ajé níbẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ó ti ń gbóná lábẹ́ igi máńgòrò níbí.

3. Bí ètò náà ṣe bẹ̀rẹ̀

Ní ọdún 1978, ọkùnrin kan tí ó ń jẹ́ Bill Rasmussen pàdánù iṣẹ́ rẹ̀. Ẹgbẹ́ eléré kan ni ó ń bá ṣiṣẹ́. Kò jókòó lásán. Òun àti ọmọ rẹ̀ ọkùnrin, Scott, ronú pọ̀ láti dá ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan sílẹ̀ fún eré ìdárayá. Bẹ́ẹ̀ ni ESPN ṣe bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 7 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1979, ní ìlú Bristol, ní ìpínlẹ̀ Connecticut.

Ní oṣù Kẹwàá ọdún 2003, wọ́n bẹ̀rẹ̀ ètò àárọ̀ kan. Wọ́n pè é ní Cold Pizza. Ìtumọ̀ orúkọ yìí ni pizza tútù. Pizza jẹ́ búrẹ́dì pẹlẹbẹ kan tí wọ́n fi tòmátì àti wàràkàṣì sí lórí. Bí ó bá kù lálẹ́, ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ ní Amẹ́ríkà máa ń jẹ ẹ́ ní tútù láàárọ̀, bí àwa ṣe ń jẹ ọbẹ̀ àná. Orúkọ náà bá ètò náà mu, nítorí pé eré àná ni wọ́n ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ láàárọ̀.

Ní ọdún 2007, wọ́n yí orúkọ ètò náà padà sí First Take. Ní ìbẹ̀rẹ̀, ìròyìn wà nínú rẹ̀, àlejò wà, ẹ̀rín wà. Iyàn kàn jẹ́ apá kan níbẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n àwọn tí ó ń ṣètò rí i pé iyàn ni àwọn ènìyàn fẹ́ràn jù. Nígbà tí ó di nǹkan bí ọdún 2011, wọ́n fi iyàn kún inú ètò náà.

Ẹni tí ó ń jiyàn níbẹ̀ nígbà náà ni Skip Bayless. Ní ọdún 2012, Stephen A. Smith wá jókòó ní òdìkejì rẹ̀. Òǹkọ̀wé ìwé ìròyìn ni àwọn méjèèjì kí wọ́n tó di ẹni orí tẹlifíṣọ̀n.

Ní ọdún 2016, Bayless kúrò. Ó lọ sí ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n mìíràn, ó sì bẹ̀rẹ̀ ètò iyàn tirẹ̀ ní oṣù Kẹsàn-án ọdún yẹn. Orúkọ rẹ̀ ni Undisputed. Àárọ̀ kan náà ni ètò méjèèjì ń jáde. Ó dà bí ìgbà tí àwọn méjì bá ń pàtẹ ọjà kan náà sí iwájú ara wọn. Ètò ti Bayless parí ní oṣù Kẹjọ ọdún 2024.

4. Bí iṣẹ́ náà ṣe ń lọ

Ẹni tí ó bá ń wo tẹlifíṣọ̀n lè rò pé wọ́n kàn jókòó ni, wọ́n sì ń sọ ohun tí ó bá wá sí wọn lẹ́nu. Kò rí bẹ́ẹ̀.

Kí ètò tó bẹ̀rẹ̀, àwọn òṣìṣẹ́ tí a kì í rí ti ṣiṣẹ́. Wọ́n ti wo eré àná. Wọ́n ti ka ìwé ìròyìn. Wọ́n ti yan ọ̀rọ̀ tí wọn yóò fi jiyàn. Ọ̀rọ̀ tí gbogbo ènìyàn bá gbà kò wúlò fún wọn. Bí àwọn méjèèjì bá gbà pé ojú ọ̀run mọ́, iyàn kò sí. Ọ̀rọ̀ tí ó ní ọ̀nà méjì ni wọ́n ń wá.

Nígbà tí ètò bá bẹ̀rẹ̀, wọ́n á kọ ìbéèrè náà sí ìsàlẹ̀ àwòrán ní lẹ́tà ńlá. Ẹni tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé yóò kà á, yóò sì mọ ohun tí wọ́n ń sọ. Olóòtú ní ohun kékeré kan létí. Ibẹ̀ ni àwọn òṣìṣẹ́ tí a kò rí ti ń bá a sọ̀rọ̀. Wọ́n á sọ fún un pé àkókò ti ń lọ, tàbí pé kí ó fún ẹnìkejì láyè. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú díẹ̀, iyàn yóò dúró. Ìpolówó ọjà yóò wọlé: ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́, oúnjẹ, oògùn, ọtí. Lẹ́yìn náà, iyàn yóò tún bẹ̀rẹ̀.

5. Kí ni wọ́n ń tà?

Ẹ̀yin tí ẹ ń lọ sí ọjà, ẹ ti rí àwọn olóògùn tí ó ń gbé ejò wá. Olóògùn yóò ṣí àpótí. Yóò mú ejò jáde. Ọmọdé yóò sáré wá, àgbà yóò dúró wò. Nígbà tí èrò bá pọ̀ tó, olóògùn yóò dá ejò padà sínú àpótí, yóò sì mú oògùn jáde. Ejò kọ́ ni ó ń tà. Oògùn ni ó ń tà. Ejò ni ó fi ń pe èrò.

Bẹ́ẹ̀ náà ni iyàn orí tẹlifíṣọ̀n. Iyàn ni ejò. Ìpolówó ọjà ni oògùn. Bí ènìyàn tí ó ń wò bá ṣe pọ̀ tó ni owó tí àwọn ọlọ́jà yóò san yóò ṣe pọ̀ tó. Ẹni tí ó bá sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́ tí ó ní, "Ó ṣeé ṣe, ṣùgbọ́n n kò tíì mọ̀ dájú," lè jẹ́ olóòótọ́. Ṣùgbọ́n kì í fi bẹ́ẹ̀ pe èrò. Ẹni tí ó bá na ọwọ́, tí ó gbé ohùn sókè, tí ó ní, "Èmi mọ̀ ọ́n! Kò sí ẹni tí ó lè sọ pé bẹ́ẹ̀ kọ́!" ni èrò máa ń dúró wò. Àwọn àgbà ti sọ ọ́ tipẹ́: òótọ́ dé ọjà ó kùtà, owó lọ́wọ́ ni a fi ń ra irọ́.

Ìdí kejì wà. Láti gbé eré gan-an jáde lórí tẹlifíṣọ̀n, owó gọbọi ni. Nínú àdéhùn tí wọ́n ṣe ní ọdún 2021, owó tí ESPN ń san fún bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà nìkan ju bílíọ̀nù 2 dọ́là lọ lọ́dún kan. Ṣùgbọ́n láti sọ̀rọ̀ nípa eré náà, tábìlì, àga àti ẹnu ni a nílò. Iyàn rọrùn láti ṣe ju eré lọ, ó sì lè kún wákàtí púpọ̀.

Síbẹ̀, ẹnu tí ó mọ iyàn í jà níye lórí. Ní ọdún 2025, àwọn ìwé ìròyìn ròyìn pé Stephen A. Smith fọwọ́ sí ìwé àdéhùn tuntun pẹ̀lú ESPN. Wọ́n ní owó rẹ̀ tó mílíọ̀nù 100 dọ́là fún ọdún 5. Ẹ mú ìwé ìṣirò yín. Ẹ pín 100 sí ọ̀nà 5. Mílíọ̀nù 20 dọ́là ni fún ọdún kan.

6. Ọmọ tí kò mọ ìwé kà

Ta ni ọkùnrin yìí? Ó yẹ kí àwa tí a ń kọ́ ìwé ní àgbà mọ ìtàn rẹ̀.

Ìlú New York ni wọ́n bí i sí ní ọdún 1967. Nígbà tí ó wà ní kékeré, ìwé kíkà ṣòro fún un. Ó tún kíláàsì ṣe nítorí pé kò lè kàwé bí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀. Kì í ṣe ọ̀lẹ. Àìlera kan wà tí ó máa ń jẹ́ kí lẹ́tà ṣòro fún ẹlòmíràn láti dá mọ̀ àti láti tò pọ̀, bí orí ẹni náà tilẹ̀ pé. Irú rẹ̀ ni ó ní, ṣùgbọ́n wọn kò tètè mọ̀. Òun fúnra rẹ̀ sọ ìtàn yìí nínú ìwé tí ó kọ nípa ayé rẹ̀, tí ó jáde ní ọdún 2023.

Kò fi ìwé sílẹ̀. Ó dé yunifásítì ní Winston-Salem, ní ìpínlẹ̀ North Carolina, níbi tí ó ti ń gbá bọ́ọ̀lù inú agbọ̀n. Orúnkún rẹ̀ fara pa. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ̀wé fún ìwé ìròyìn ilé ẹ̀kọ́ náà. Nígbà kan, ó kọ ọ́ pé ó yẹ kí Clarence Gaines, olùkọ́ni ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù wọn, fẹ̀yìn tì nítorí ìlera rẹ̀. Ẹni ńlá ni Gaines, gbogbo ènìyàn sì bọ̀wọ̀ fún un. Smith fúnra rẹ̀ wà nínú ẹgbẹ́ náà. Ó kọ èrò rẹ̀ sílẹ̀, ó sì fi orúkọ rẹ̀ sí i.

Lẹ́yìn náà, ó di òǹkọ̀wé ìwé ìròyìn. Láti ọdún 1994 ni ó ti ń kọ̀wé fún ìwé ìròyìn ńlá kan ní ìlú Philadelphia. Ó ń lọ wo eré. Ó ń bá àwọn eléré sọ̀rọ̀. Ó ń kọ ohun tí ó rí.

Nítorí náà, bí ẹ bá rí i tí ó ń pariwo lórí tẹlifíṣọ̀n, ẹ rántí pé ìwé ni ó gbé e dé ibẹ̀.

7. Ọjọ́ tí ohùn ga ṣùgbọ́n tí ọ̀rọ̀ kò rí bẹ́ẹ̀

Ṣùgbọ́n ẹni tí ó mọ nǹkan náà lè ṣìnà.

Ní oṣù Kejìlá ọdún 2018, ẹgbẹ́ méjì fẹ́ gbá bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà ní alẹ́ ọjọ́ Ọjọ́bọ̀. Ọ̀kan wá láti Los Angeles, èkejì wá láti Kansas City. Ní àárọ̀ ọjọ́ náà, Smith sọ̀rọ̀ nípa eré náà lórí First Take. Ó ní òun yóò máa wo bí Hunter Henry ti Los Angeles yóò ṣe kojú Derrick Johnson ti Kansas City.

Ohùn rẹ̀ kò gbọ̀n. Ṣùgbọ́n Hunter Henry ti fara pa láti oṣù Karùn-ún, kò sì tíì gbá eré kankan ní àsìkò yẹn. Derrick Johnson kò sí ní Kansas City mọ́. Ó ti kúrò níbẹ̀ ní ọdún yẹn kan náà. Ó ń retí àwọn méjì tí kò sí lórí pápá.

Àwọn ènìyàn fi rẹ́rìn-ín káàkiri. A kò sọ ọ́ níbí láti fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Gbogbo ẹni tí ó bá ń sọ̀rọ̀ fún wákàtí méjì lójoojúmọ́ yóò ṣì í sọ nígbà kan. Ohun tí a fẹ́ kí ẹ rí nìyí: bí ohùn ṣe ń rí nígbà tí ọ̀rọ̀ bá jẹ́ òótọ́, bẹ́ẹ̀ náà ni ó ṣe rí nígbà tí ọ̀rọ̀ kì í ṣe òótọ́. A kò lè fi etí mọ ìyàtọ̀. Ṣùgbọ́n ẹnikẹ́ni tí ó ní ìwé orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù lọ́wọ́, tí ó sì lè kà á, yóò mọ ìyàtọ̀ láàrin ìṣẹ́jú kan.

8. Àwo mẹ́ta

Nígbà tí a bá ń ṣa ẹ̀wà, a máa ń ya ẹ̀wà sọ́tọ̀, a ń ya òkúta sọ́tọ̀, a ń ya pàǹtí sọ́tọ̀. Ọ̀rọ̀ tí a bá gbọ́ lórí tẹlifíṣọ̀n tàbí lórí rédíò, ẹ jẹ́ kí a ṣà á sínú àwo mẹ́ta.

Àwo kìn-ín-ní ni ohun tí ó ṣẹlẹ̀. A lè rí i nínú ìwé, a lè kà á, a lè fi nọ́ńbà hàn án.

Àwo kejì ni èrò. Èrò ni ohun tí ẹnìkan rò nípa ohun tí ó ṣẹlẹ̀. Ẹlòmíràn lè rò ó lọ́nà mìíràn, kí àwọn méjèèjì má sì purọ́.

Àwo kẹta ni àsọtẹ́lẹ̀. Àsọtẹ́lẹ̀ jẹ́ ọ̀rọ̀ nípa ohun tí kò tíì ṣẹlẹ̀. Kò sí ẹni tí ó mọ̀ ọ́n dájú.

Ẹ jẹ́ kí a fi eré tiwa dán an wò. Ní ọdún 2019, ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀ lọ gbá Ife Ẹ̀yẹ Áfíríkà ní Íjíbítì. Ọ̀kẹ́rẹ́ ni orúkọ ìnagijẹ wọn nígbà náà, kí wọ́n tó yí i padà ní ọdún 2022. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ nìyí:

Bẹ̀nẹ̀ 2, Gánà 2.
Bẹ̀nẹ̀ 0, Gínì-Bìsáù 0.
Bẹ̀nẹ̀ 0, Kamẹrúùnù 0.
Bẹ̀nẹ̀ 1, Mòrókò 1. Bẹ̀nẹ̀ borí nínú pẹ́nárítì, 4 sí 1.
Bẹ̀nẹ̀ 0, Sẹ̀nẹ̀gàl 1.

Gbogbo eléyìí wà nínú àwo kìn-ín-ní. Ẹ kà á dáadáa. Eré 5 ni. Mẹ́rin jẹ́ ọ̀mì. Wọ́n pàdánù ọ̀kan. Góòlù 3 ni wọ́n jẹ, góòlù 4 ni wọ́n jẹ wọ́n. Kí a tó dé pẹ́nárítì, wọn kò borí ẹnikẹ́ni. Síbẹ̀, wọ́n wà nínú ẹgbẹ́ 8 tí ó kù ní gbogbo Áfíríkà.

Ẹ jẹ́ kí a gbé ọ̀rọ̀ yìí sórí tábìlì iyàn. Ẹnìkan yóò wí pé: "Ẹgbẹ́ tí kò borí nínú eré kankan kì í ṣe ẹgbẹ́ gidi. Oríire ni wọ́n ní." Ẹnìkejì yóò wí pé: "Ẹgbẹ́ tí Gánà kò lè borí, tí Kamẹrúùnù kò lè borí, tí ó lé Mòrókò lọ sílé, akọni ni wọ́n." Nọ́ńbà kan náà ni àwọn méjèèjì ń lò. Èrò wọn ni ó yàtọ̀. Àwo kejì ni a ó da ọ̀rọ̀ méjèèjì sí. Ẹ̀yin náà lè yan èyí tí ó wù yín, nítorí pé ẹ ti rí nọ́ńbà.

Bí ẹnìkẹta bá wá sọ pé, "Ní ìgbà tí ń bọ̀, dandan ni kí a gba ife náà," àwo kẹta ni kí ẹ da ìyẹn sí. Bí ó bá tilẹ̀ lu àyà, àwo kẹta náà ni.

9. Owó wà nínú ọ̀rọ̀ yìí

Ẹlòmíràn lè béèrè pé: "Eré ṣá ni. Kí ni ó kàn mí nínú àwo mẹ́ta?" Ó kàn ọ́, nítorí tẹ́tẹ́.

Ní oṣù Karùn-ún ọdún 2018, ilé ẹjọ́ tí ó ga jù ní Amẹ́ríkà sọ pé ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan lè gba tẹ́tẹ́ lórí eré láyè bí ó bá fẹ́. Láti ìgbà náà, ilé iṣẹ́ tẹ́tẹ́ kún inú ìpolówó ọjà. Ní oṣù Kọkànlá ọdún 2023, ESPN fi orúkọ ara rẹ̀ sí ara ilé iṣẹ́ tẹ́tẹ́ kan. Wọ́n pè é ní ESPN BET. Àdéhùn yẹn parí ní ọdún 2025. Ṣùgbọ́n ẹ wò ó dáadáa: orúkọ kan náà wà lára ilé tí ó ń sọ ẹni tí yóò borí fún wa àti lára ilé tí ó ń gba owó wa lórí ẹni tí yóò borí.

Tẹ́tẹ́ kò jìnnà sí wa. Ó wà ní ẹ̀gbẹ́ ọjà, ó wà nínú tẹlifóònù. Ọ̀dọ́mọkùnrin yóò gbọ́ àsọtẹ́lẹ̀ lẹ́nu ẹni tí ó wọ kóòtù, yóò rò pé ìmọ̀ ni. Yóò mú owó epo alùpùpù, yóò mú owó ilé ìwé ọmọ, yóò fi ta tẹ́tẹ́.

Bí àsọtẹ́lẹ̀ náà kò bá ṣẹ, kí ni yóò ṣẹlẹ̀? Ẹni tí ó sọ ọ́ lórí tẹlifíṣọ̀n yóò padà wá ní ọ̀la. Yóò jókòó sórí àga rẹ̀. Ọ̀rọ̀ tuntun ti wà láti fi jiyàn. Owó oṣù rẹ̀ yóò wọlé. Ṣùgbọ́n owó ẹni tí ó gbà á gbọ́ kò ní padà wá. Iyàn kò ná ẹni tí ó ń jà á ní nǹkan kan. Ẹni tí ó fi owó tẹ̀lé e ni ó ń sanwó rẹ̀.

A kò ní kí ẹ má wo ètò náà. Iyàn dùn. Àwọn baba wa náà fẹ́ràn iyàn. Láti inú iyàn tí ó dára, a lè kọ́ bí a ti ń gbé ọ̀rọ̀ kalẹ̀ àti bí a ti ń gbọ́ ti ẹnìkejì, nítorí pé agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni. Ẹ máa wò ó. Ẹ máa rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó gbà á gbọ́, kí ẹ tó bá ọ̀rẹ́ jà nítorí rẹ̀, kí ẹ tó na owó lórí rẹ̀, ẹ ṣa ọ̀rọ̀ náà sínú àwo.

10. A padà sábẹ́ igi

Ní ọjọ́ Ajé tí ó tẹ̀lé e, ọlọ́kọ̀ zémíjàn náà tún dé ọ̀dọ̀ aránṣọ.

"Ẹ̀gbọ́n, mo gbọ́ pé àwọn ni yóò borí lọ́sẹ̀ yìí. Ọkùnrin orí tẹlifíṣọ̀n ní ó dá òun lójú. Mo fẹ́ fi ẹgbẹ̀rún méjì séfà ta tẹ́tẹ́ sí i."

Aránṣọ náà ń lọ sí kíláàsì ìwé ní alẹ́. Ó bọ́ abẹ́rẹ́ sílẹ̀.

"Àbúrò, ohun tí ó sọ yẹn, ṣé ó ti ṣẹlẹ̀?"

"Rárá, ẹ̀gbọ́n. Kò tíì ṣẹlẹ̀."

"Eré mélòó ni wọ́n ti gbá lọ́dún yìí? Mélòó ni wọ́n borí?"

"N kò mọ̀."

"Ìwé ìròyìn nìyí. Nọ́ńbà wọn wà ní ojú ìwé ẹ̀yìn. Jókòó, kí a jọ kà á."

Wọ́n kà á. Eré 6 ni wọ́n ti gbá, ọ̀kan ni wọ́n borí. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà dákẹ́ díẹ̀. Ó dá owó rẹ̀ padà sínú àpò, ó sì lọ ra epo sí alùpùpù rẹ̀.

Ìbéèrè

1. Agogo mélòó ni ètò First Take ń bẹ̀rẹ̀ ní New York? Agogo mélòó ni yóò jẹ́ ní ìlú tiyín?
2. Kí ni ejò, kí sì ni oògùn, nínú ọ̀rọ̀ tí a sọ nípa olóògùn inú ọjà?
3. Kí ni ó ṣòro fún Stephen A. Smith nígbà tí ó wà ní kékeré?
4. Sọ àwo tí ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan wọ̀: "Bẹ̀nẹ̀ 1, Mòrókò 1." "Olùkọ́ni yìí kò dára." "Àwa ni a ó gba ife lọ́dún tí ń bọ̀."
5. Ní ọ̀sẹ̀ yìí, gbọ́ ọ̀rọ̀ mẹ́ta lórí rédíò tàbí tẹlifíṣọ̀n. Kọ wọ́n sínú ìwé rẹ. Kọ àwo tí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọ̀ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Mú un wá sí kíláàsì, kí a jọ jiyàn lé e lórí.